Leoluca Orlando ti Palermo: ṣé òun ló gba ìlú lọ́wọ́ máfíà ni, àbí àwọn adájọ́?

ÌBÉÈRÈ

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta o. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti gbé Ítálì rí ni mo ń bá sọ̀rọ̀. Ọ̀rọ̀ Leoluca Orlando, ọ̀jọ̀gbọ́n nínú ìmọ̀ òfin tó ṣe méyọ̀ Palermo lọ́pọ̀ ìgbà, ló dá ìjà sílẹ̀ láàárín èmi àti ẹ̀gbọ́n mi. Mo ní òun ló gba ìlú náà lọ́wọ́ máfíà. Ẹ̀gbọ́n mi ní irọ́ gbuu, pé àwọn adájọ́ ló jà, àwọn náà ló kú sí i, fọ́tò ni Orlando ń yà. Ó tún ní Orlando yìí kan náà ló fẹjọ́ Giovanni Falcone, ọ̀kan nínú àwọn adájọ́ náà, sùn kí wọ́n tó pa á. Ta ló jàre nínú àwa méjèèjì?

* * *

ÌYÁ ONÍDÌRÍ:

Àbúrò mi, ọdún mẹ́jọ ni mo lò ní Palermo, 2011 sí 2019, kí n tó kó wá sí Manchester. Irun ni mo ń dì níbẹ̀, ní àdúgbò ọjà Ballarò. Mi ò ka ìwé òfin o. Ṣùgbọ́n bí èèyàn bá gbé orí lé ọ lẹ́sẹ̀ fún wákàtí márùn-ún, kò sí ohun tí kò ní sọ. Àwọn ìyá ọmọ Palermo náà a máa kó ọmọ wọn wá dirun nígbà ooru, ẹnu wọn kì í sì í sinmi. Ibẹ̀ ni mo ti gbọ́ púpọ̀ nínú èyí tí mo fẹ́ sọ. Mo ka ìyókù nínú ìwé ìròyìn wọn nígbà tí èdè náà yọ̀ mọ́ mi lẹ́nu.

Ẹ̀gbọ́n rẹ ò purọ́ tán, ìwọ náà ò sì sòótọ́ tán.

1947 ni wọ́n bí Orlando ní Palermo níbẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n òfin ni bàbá rẹ̀, òun náà ka òfin, ó lọ sí Heidelberg ní Jámánì, ó padà wálé wá ń kọ́ni ní Yunifásítì Palermo. Bí kò bá sí ohun tó ṣẹlẹ̀ ní 6 January 1980, bóyá ibi tí ì bá parí sí nìyẹn. Ó ń gba Piersanti Mattarella, ààrẹ ìjọba àgbègbè Sísílì, erékùṣù tí Palermo wà, nímọ̀ràn lórí òfin. Láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, Mattarella àti ẹbí rẹ̀ jókòó sínú mọ́tò, wọ́n ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n sì yìnbọn pa á níwájú ilé. Sergio, àbúrò rẹ̀ tó sáré fà á jáde nínú mọ́tò náà, ló di Ààrẹ Ítálì ní 2015.

Kí ni Mattarella ṣe tó fi tọ́ sí ikú? Ó ní kí wọ́n lọ yẹ kọ́ńtíráàtì ilé ìwé wò, kí wọ́n wo ẹni tó gbà á àti bó ṣe gbà á. Ẹ rántí èyí. Ìwé ni wọ́n ń pa èèyàn lé lórí ní ìlú yẹn, kì í ṣe ìbọn nìkan ni wọ́n fi ń jà.

* * *

Ẹnì kan kọ ọ́ sókè yìí pé kí ló tún kù nínú ọ̀rọ̀ máfíà, pé ṣebí àgbèrò lásán ni, a ní wọn nílé.

Rárá o. Àgbèrò á pariwo, á gbá ojú mọ́tò, á já tíkẹ́ẹ̀tì fún ọ, gbogbo ìdíkọ̀ á mọ̀ pé o ti sanwó. Owó tí máfíà ń gbà lọ́wọ́ oníṣòwò, tí wọ́n ń pè ní pizzo, kì í pariwo. December kan ni mo kọ́kọ́ rí i. Nǹkan bí aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ ni, mo wà lẹ́nu ọ̀nà, mo ń fi iná jó ẹnu irun tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ dì tán. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan wọ ọ̀dọ̀ ìyá tó ń ta ólífì lẹ́gbẹ̀ẹ́ wa. Ó wọṣọ dáadáa, ó kí mi pàápàá. Ó béèrè ara ọmọ ìyá náà, ó dárúkọ ọmọ ọ̀hún, ó dárúkọ ilé ìwé tó ń lọ. Ó ní Kérésìmesì ti dé, kí wọ́n má gbàgbé àwọn tó wà lẹ́wọ̀n àti ìdílé wọn. Ìyá náà wé nǹkan sínú bébà tó fi ń wé ólífì, ó nà án sí i. Ọkùnrin náà dúpẹ́, ó jáde. Kò ju ìṣẹ́jú méjì lọ. Ìyá náà ń wọn ólífì lọ fún oníbàárà tó kàn, àfi ìgbà tí mo rí i pé ó wọn ún lẹ́ẹ̀mejì.

Mo béèrè lọ́wọ́ ọ̀gá mi pé ta ni. Ó ní, "Ẹbí." Kò sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Gbogbo alángbá ló dakùn délẹ̀ ní òpópónà yẹn, o ò lè mọ èyí tí inú ń run. Kérésìmesì àti Àjíǹde ni wọ́n máa ń gbà á jù. Libero Grassi, tó ní ilé iṣẹ́ aṣọ, kọ lẹ́tà sínú ìwé ìròyìn ní January 1991, ó kọ ọ́ sí ẹni tó ń béèrè owó lọ́wọ́ rẹ̀ pé òun ò ní san. Àwọn oníṣòwò ẹgbẹ́ rẹ̀ fi í sílẹ̀ lóun nìkan. 29 August ọdún náà, wọ́n pa á láàárọ̀ bó ṣe ń ti ilé jáde. Ọdún 2004 ni àwọn ọ̀dọ́ kan tó lẹ bébà mọ́ gbogbo ara ògiri ìlú lóru, pé ará ìlú tí gbogbo wọn bá ń san pizzo, ará ìlú tí kò níyì ni wọ́n. Àwọn ni wọ́n dá Addiopizzo sílẹ̀, ẹgbẹ́ tó ń bá pizzo jà. Ẹ wo iye ọdún tó wà láàárín méjèèjì.

* * *

Padà sórí Orlando. "Kí wá ni méyọ̀ lè ṣe?" lẹ ń béèrè.

Ẹ kọ́kọ́ mọ ohun tó bá nílẹ̀. Láàárín 1950 sí 1970, wọ́n jẹ Palermo run. Orúkọ tí wọ́n ń pè é níbẹ̀ ni kíkó ìlú lógun. Salvo Lima ni méyọ̀, Vito Ciancimino ló ń bójú tó iṣẹ́ òde, tó ń buwọ́ lu ìwé àṣẹ ìkọ́lé. Nǹkan bí 4000 ìwé àṣẹ jáde láàárín ọdún mélòó kan, èyí tó ju ìlàjì lọ nínú wọn, orúkọ àwọn èèyàn bíi mélòó kan tí wọn ò ní ilé iṣẹ́ ìkọ́lé kankan ló wà lórí rẹ̀. Ilé àwọn àgbà ìlú tó rẹwà, wọ́n wó o lóru. Ọgbà ọsàn tó yí ìlú ká di búlọ́ọ̀kù. Bẹ́ ẹ bá wọ̀lú láti pápákọ̀ òfuurufú lónìí, búlọ́ọ̀kù wọ̀nyẹn lẹ máa kọ́kọ́ rí. Kò sí ìbọn nínú rẹ̀ o. Bírò ni.

Nígbà tí Orlando di méyọ̀ ní 1985, lábẹ́ ẹgbẹ́ òṣèlú Democrazia Cristiana tí Lima àti Ciancimino náà jẹ́ tirẹ̀, ìwé yẹn ló kọ́kọ́ gbá mú. Ó gba kọ́ńtíráàtì lọ́wọ́ àwọn tó ti fi ṣe ogún bàbá wọn. Kí ẹnikẹ́ni má sọ pé ìyẹn kò léwu. Giuseppe Insalaco, tó ṣe méyọ̀ fún oṣù bíi mẹ́ta péré ní 1984, sọ ohun tó mọ̀ nípa kọ́ńtíráàtì níwájú ìgbìmọ̀ tó ń wádìí máfíà. 12 January 1988, wọ́n yìnbọn pa á nínú mọ́tò rẹ̀.

Lẹ́yìn náà ni ẹjọ́ ńlá tí wọ́n fi kó àwọn ọmọ máfíà lọ sí kóòtù lẹ́ẹ̀kan náà. 10 February 1986 ló bẹ̀rẹ̀, nínú gbọ̀ngàn tí wọ́n dìídì fi kọnkéré kọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọgbà ẹ̀wọ̀n Ucciardone. Àwọn tí wọ́n fẹ̀sùn kàn lé ní 450, wọ́n kó wọn sínú àgò irin yí gbọ̀ngàn ká. Falcone, Borsellino àtàwọn ẹlẹgbẹ́ wọn ló ṣe iṣẹ́ yẹn, ẹ̀gbọ́n rẹ jàre níbẹ̀. Ṣùgbọ́n Orlando mú kí ìlú Palermo wọlé sí ẹjọ́ náà gẹ́gẹ́ bí ẹni tí wọ́n ṣẹ̀, pẹ̀lú agbẹjọ́rò tirẹ̀. Ó lè dà bí nǹkan kékeré lójú yín. Ní ìlú tí àwọn olóṣèlú ti ń sọ fún ogójì ọdún pé kò sí ohun tó ń jẹ́ máfíà, pé àwọn ará àríwá Ítálì ló ń ba Sísílì lórúkọ jẹ́, ìlú fúnra rẹ̀ dúró ní kóòtù, ó ní, "Èmi ni wọ́n ṣẹ̀." 16 December 1987, wọ́n dá èèyàn tó lé ní 300 lẹ́bi, 19 nínú wọn gba ẹ̀wọ̀n gbére.

Nítorí náà, bí ẹ bá bi mí, adájọ́ ló mú olè, méyọ̀ ló ti ilẹ̀kùn tí olè ń gbà wọlé. Kò ti gbogbo rẹ̀ o.

* * *

Ó yá, ọ̀rọ̀ Falcone. Mo mọ̀ pé ibẹ̀ lẹ ń dúró sí.

Mi ò ní gbè é lẹ́yìn. Ní 1990, Orlando jókòó sórí tẹlifíṣọ̀n, ó ní àwọn fáìlì kan wà nínú dúrọ́ọ̀ ní ilé ẹjọ́ Palermo tó lè tú àṣírí àwọn olóṣèlú tó wà lẹ́yìn ìpànìyàn, pé wọn ò jẹ́ kó jáde. Gbogbo ẹni tó gbọ́ mọ ẹni tó ń bá wí. Ní September 1991, òun àtàwọn méjì mìíràn kọ ìwé ẹ̀sùn sí ìgbìmọ̀ tó ń ṣàkóso àwọn adájọ́. 15 October, Falcone, ẹni tí máfíà ti gbìyànjú láti pa, jókòó níwájú ìgbìmọ̀ náà ní Róòmù, ó ń ṣàlàyé ara rẹ̀ bí ọmọ ilé ìwé. Èsì rẹ̀ kò ṣòro: èèyàn kì í gbé olóṣèlú lọ sí kóòtù láìsí ẹ̀rí, torí bí wọ́n bá dá a sílẹ̀, ẹ ti wẹ̀ ẹ́ mọ́ títí ayé nìyẹn.

Oṣù méje lẹ́yìn náà, 23 May 1992, bọ́ǹbù fọ́ títì márosẹ̀ ní Capaci lábẹ́ mọ́tò rẹ̀. Òun, ìyàwó rẹ̀ Francesca Morvillo, àtàwọn ẹ̀ṣọ́ mẹ́ta. 19 July, Borsellino àtàwọn ẹ̀ṣọ́ márùn-ún ní via D'Amelio.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń sọ pé Orlando ló pa á, ẹ fi òótọ́ síbẹ̀. Ní January 1992 ni ilé ẹjọ́ tó ga jù fọwọ́ sí ìdájọ́ ẹjọ́ ńlá yẹn, ìyẹn ló bí gbogbo ìpànìyàn ọdún náà. Wọ́n pa Lima pàápàá ní March, torí kò gbà wọ́n sílẹ̀ lọ́wọ́ ìdájọ́ náà. Síbẹ̀, ẹni tí máfíà fẹ́ pa, kí wọ́n rí i pé kò sẹ́ni lẹ́yìn rẹ̀ ni wọ́n máa ń kọ́kọ́ fẹ́. Orlando ní òun ń bẹ́ igi, èèyàn ló bẹ́. Ọ̀jọ̀gbọ́n òfin ni, kì í ṣe pé kò mọ̀yàtọ̀ láàárín ìfura àti ẹ̀rí.

Oníbàárà mi kan, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, wà lára àwọn obìnrin tó ta aṣọ bẹ́ẹ̀dì funfun sójú fèrèsé ní ọdún náà, tí wọ́n kọ ọ̀rọ̀ sí i lára pé àwọn kò fẹ́ máfíà mọ́. Bí mo bá ti dárúkọ Orlando, á ní, "Mo dìbò fún un ní gbogbo ìgbà, mi ò sì tíì dárí jì í." Mo bi í bó ṣe lè ṣe méjèèjì pọ̀. Ó ní ta ni ì bá dìbò fún? Irun rẹ̀ kò pọ̀, àmọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀ pọ̀.

* * *

Ẹni tó béèrè nípa Orlando àti bọ́ọ̀lù: bẹ́ẹ̀ ni, òótọ́ ni. Òun náà ti ṣe ààrẹ àjọ bọ́ọ̀lù àwọn ará Amẹ́ríkà ní Ítálì, èyí tí wọ́n ń fi akoto gbá. Ẹ má bi mí ní ìdí. Ọ̀kan nínú ọmọ Palermo tí mo bi náà rẹ́rìn-ín, ó ní, "Orlando ni."

* * *

Ẹ̀gbọ́n tó kọ ọ́ pé àwọn èèyàn bí Orlando ń fi máfíà jẹun, wọn ò kọ́kọ́ sọ ọ́ níbí o. Leonardo Sciascia, òǹkọ̀wé Sísílì tó ti ń kọ̀wé nípa máfíà nígbà tí àwọn mìíràn ń dákẹ́, ló sọ ọ́ ní January 1987 nínú ìwé ìròyìn Corriere della Sera. Ó ní méyọ̀ kan lè máa lọ láti ìpàdé dé ìpàdé, láti ilé ìwé dé ilé ìwé, kó máa bú máfíà, kó má ráyè fún omi tí kò yọ àti ìdọ̀tí tí wọn ò kó, kò sì sẹ́ni tó máa lè bá a wí, torí ẹni tó bá bá a wí, wọ́n á ní ọmọ máfíà ni. Kò dárúkọ, kò sì sẹ́ni tí kò mọ̀. Inú ìwé yẹn kan náà ló ti kan Borsellino lábùkù, ibẹ̀ sì ni kò ti ṣe dáadáa rárá. Ní ti méyọ̀, mo lérò pé ó rí ọ̀nà jíjìn.

Ẹ wò ó. Orlando kúrò nínú Democrazia Cristiana, ó dá ẹgbẹ́ òṣèlú tirẹ̀, La Rete, sílẹ̀ ní 1991. Ní 1993, tí àwọn ará ìlú kọ́kọ́ dìbò yan méyọ̀ fúnra wọn, ó gba nǹkan bí ìdá 75 nínú ọgọ́rùn-ún ní ìpele àkọ́kọ́. Ìbínú ikú àwọn adájọ́ méjèèjì ló gbé e wọlé. Kí ló fi ṣe? Teatro Massimo, ilé eré olórin ńlá tí wọ́n tì ní 1974 pé wọ́n fẹ́ tún un ṣe díẹ̀, wà ní títì fún ọdún 23. Ó ṣí i ní 1997. Ó ní kí ilé ìwé kọ̀ọ̀kan gba ilé àtijọ́ kan tàbí ṣọ́ọ̀ṣì kan ní ọmọ, kí àwọn ọmọdé kọ́ ìtàn rẹ̀, kí wọ́n máa mú àlejò káàkiri ibẹ̀. Ó máa ń sọ pé kẹ̀kẹ́ ẹrù Sísílì, ẹsẹ̀ méjì ló ní, òfin ni ọ̀kan, àṣà ni èkejì. Bí ọ̀kan bá ń yí tí èkejì dúró, ojú kan ni kẹ̀kẹ́ náà á máa pòyì sí.

Ẹni tó ní "ilé eré nígbà tí omi ò yọ?", mo gbọ́ ọ. Mo gbé ilé tó ní tánkì lórí òrùlé, mo mọ bí ọjọ́ tí omi ò wá ṣe ń rí fún ẹni tó ń fọ irun èèyàn. Àmọ́ ọmọbìnrin tí ọ̀gá mi bí, ọmọ ọdún mẹ́wàá, ló kọ́kọ́ mú mi wọ ṣọ́ọ̀ṣì kan tí mo ti ń kọjá níwájú rẹ̀ fún ọdún méjì. Ó dúró bí olùkọ́, ó ń tọ́ka sókè, ó ń dárúkọ àwọn ọba tó kọ́ ọ, ó ní kí n má fọwọ́ kan ògiri. Bàbá rẹ̀ ń sanwó fún "ẹbí" ní Kérésìmesì. Ọmọ náà ń ṣọ́ ògiri ìlú bí ẹni ń ṣọ́ ti bàbá rẹ̀. Mi ò mọ bí èèyàn ṣe ń fi ìṣirò ka irú ìyẹn.

Ní 2001 ó du ipò ààrẹ Sísílì, Salvatore Cuffaro fẹ̀yìn rẹ̀ balẹ̀. Cuffaro yẹn lọ sẹ́wọ̀n ní 2011 nítorí ó ran máfíà lọ́wọ́. Ọ̀rọ̀ ìbò Sísílì, ẹ jẹ́ ká fi síbẹ̀.

* * *

Ìbéèrè nípa àwa Nàìjíríà: ṣé òótọ́ ni pé àwọn ọmọ wa ń ṣe máfíà tiwọn ní Ballarò?

Òótọ́ ni, ìtìjú sì ni. Ní 2016 àwọn ọlọ́pàá kó àwọn ọmọ Black Axe níbẹ̀, kóòtù Palermo sì dá wọn lẹ́bi lábẹ́ òfin tí wọ́n fi ń mú máfíà gan-an. Àwọn ọmọbìnrin tí wọ́n kó wá ṣiṣẹ́ àṣẹ́wó wà lára àwọn tí mo dirun fún, mi ò ní sọ jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Ṣùgbọ́n ọdún kan náà ni nǹkan tí ìwé ìròyìn ilé ò gbé ṣẹlẹ̀. Ní April, ọmọ máfíà àdúgbò yìnbọn fún ọmọ Gambia kan lórí, lọ́sàn-án gangan, ní òpópónà tí èmi náà ń gbà. Ọlọ́run ni kò jẹ́ kó kú. Àwọn oníṣọ́ọ̀bù ọmọ Bangladesh tó wà ní agbègbè via Maqueda, tí wọ́n ti ń gba pizzo lọ́wọ́ wọn fún ọdún pípẹ́, lọ sọ́dọ̀ ọlọ́pàá, wọ́n dárúkọ. Àwọn Addiopizzo dúró tì wọ́n. Ní May, wọ́n kó èèyàn mẹ́wàá. Ohun tí ọmọ ìlú fi ogójì ọdún bẹ̀rù, àlejò tí kò ní ẹbí níbẹ̀ ló ṣe é.

Ipa wo ni Orlando kó nínú ẹ̀? Kò sọ pé òun ló ṣe é, kò sì yẹ kó sọ. Àmọ́ ẹni tí kò ní ìwé, kò lè lọ sọ́dọ̀ ọlọ́pàá. Ọdún 2015 ló gbé ìwé tí wọ́n ń pè ní Carta di Palermo jáde, pé kí wọ́n fa ọ̀rọ̀ ìwé ìgbélùú ya pátápátá. Àlá ni, méyọ̀ kò lágbára bẹ́ẹ̀. Èyí tó lágbára lé lórí, ó ṣe é. Òfin Salvini, mínísítà ọ̀rọ̀ abẹ́lé Ítálì nígbà náà, jáde ní òpin 2018, ó ní kí wọ́n má fi orúkọ àwọn tó ń wá ibi ìsádi sínú ìwé orúkọ ará ìlú mọ́. January 2019, Orlando ní kí àwọn òṣìṣẹ́ òun má tẹ̀ lé apá ibẹ̀ yẹn. Salvini bú u. Ilé ẹjọ́ tó ń rí sí ìwé òfin Ítálì fagi lé apá òfin náà ní 2020. Lọ́jọ́ yẹn, ọ̀jọ̀gbọ́n mọ ohun tó ń ṣe.

* * *

Àbúrò mi tó béèrè lákọ̀ọ́kọ́ tún padà wá: "Mà, ṣé ẹ máa dìbò fún un báyìí?"

Ó kúrò ní ipò méyọ̀ ní 2022, lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá mìíràn. Nígbà tó ń lọ, ìlú ti jẹ gbèsè, àpótí òkú tó ju 1000 lọ sì wà nílẹ̀ ní itẹ́ òkú Rotoli, wọ́n tò wọ́n léra lábẹ́ tẹ́ǹtì, kò síbi tí wọ́n máa sin wọ́n sí. Olùkọ́ tó ta aṣọ bẹ́ẹ̀dì yẹn ló fi fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi lórí WhatsApp. Kò kọ nǹkan kan sí i. Ní 2024, Orlando wọ ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin Yúróòpù, ẹni ọdún 76. Mo bi olùkọ́ náà bóyá ó tún dìbò fún un, ó ní kí n má da òun láàmú.

Ní tèmi, ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni mo dìbò ní Ítálì. Ọdún 2013 ni, nígbà tí wọ́n dá Consulta delle Culture sílẹ̀, ìgbìmọ̀ àwọn àjèjì tó ń gbé ìlú náà, ọmọ ìgbìmọ̀ 21. Wọn kò lágbára àtiṣòfin, ìmọ̀ràn ni wọ́n ń gba ìlú. Mo pa ṣọ́ọ̀bù dé fún wákàtí méjì. Orí ìlà, ọmọ Ghana wà níwájú mi, ìyá kan láti Sri Lanka wà lẹ́yìn mi, òjò sì ń ta fíntífíntí. Òṣìṣẹ́ tó gba káàdì mi ka orúkọ mi lẹ́ẹ̀mẹta kó tó rí i pè. Ó ní, "Signora, ẹ dárí jì mí." Mo ní kó tún un pè. Ó tún un pè.